Ọjọ́ Tí Mo Wọ́ Ọ̀gá Mi Lẹ́sẹ̀

Nǹkan bí ìṣẹ́jú mẹ́wàá ni ọ̀gá mi lò lábẹ́ ọkọ̀ náà. Nínú gbogbo àwa tí a dúró yí i ká lọ́jọ́ yẹn, èmi nìkan ni mo mọ̀ pé ọkọ̀ náà lè jókòó lé e láyà nígbàkigbà. Títí di òní, bí mo bá rántí ìṣẹ́jú mẹ́wàá yẹn, ara mi ni inú máa ń bí mi sí.

Iṣẹ́ rewáyà ni mò ń ṣe ní Adó-Èkìtì. Bí iná ọkọ̀ rẹ ò bá tàn, bí gíláàsì rẹ̀ ò bá gòkè mọ́, bí iná kan bá ń ṣẹ́jú lójú dáṣíbọ́ọ̀dù tí mẹkáníìkì rẹ ò sì mọ ohun tó ń wí, irú wa ni wọ́n máa ń ní kí o lọ bá. Nígbà tí mo ní iṣẹ́ yìí ni mo fẹ́ kọ́, odindi ọjọ́ mẹ́ta ni ìyá mi, tó jẹ́ tíṣà, fi ń sunkún. Ṣẹ́ẹ̀dì mẹkáníìkì mẹ́rin ni mo dé tí wọ́n fi mí ṣẹ̀sín. Ọ̀kan ní kí n lọ kọ́ irun dídì, pé ìka mi gùn. Ọ̀gá mi nìkan ló wò mí látòkè délẹ̀ tó ní, "Ṣé o lè tètè jí?" Mo ní mo lè jí. Ó ní kí n máa bọ̀ lọ́jọ́ Ajé.

Mẹkáníìkì ni òun, ṣùgbọ́n ó mọ wáyà ọkọ̀ àtijọ́ bí ẹni mọ owó. Gbogbo ohun tó mọ̀ ló kọ́ mi. Nígbà tó rí i pé mo ti gbà á tán, òun fúnra rẹ̀ ló ní kí n kúrò lọ́dọ̀ òun, kí n lọ kọ́ ti kọ̀ǹpútà níbòmíràn. Àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ fi í ṣe yẹ̀yẹ́ títí pé obìnrin ló fi ṣe ọmọ iṣẹ́, kò dá wọn lóhùn. Ẹ ò wá rí i pé irú ẹni bẹ́ẹ̀, èèyàn kì í wò ó lójú sọ pé ó ṣì í ṣe.

Ohun àkọ́kọ́ tó máa ń kọ́ ẹni tó bá kọ́ṣẹ́ lọ́dọ̀ rẹ̀ ni pé jáàkì kì í ṣe ọ̀rẹ́ ẹnikẹ́ni. Ó ti rí jáàkì tó yẹ̀, ó sì ti bá wọn sin ẹni tó wà lábẹ́ rẹ̀. Láti ìgbà náà, kì í wọ abẹ́ ọkọ̀ tó jẹ́ jáàkì ló gbé e dúró. Pákó nípọn méjì ló máa ń tẹ́ sílẹ̀, á wa táyà ẹ̀yìn méjèèjì gun orí wọn, á fi òkúta há táyà iwájú, kó tó wá tẹ́ páálí rẹ̀ sílẹ̀ kó sì dùbúlẹ̀ lé e. "Táyà ò lè wó," bó ṣe máa ń wí nìyẹn. Òótọ́ sì ni. Láti nǹkan bí ogójì ọdún tó ti ń ṣiṣẹ́, nǹkan kan ò wó lù ú rí.

Ṣùgbọ́n sípíríńgì irin ló wà lábẹ́ gbogbo ọkọ̀ wọ̀nyẹn.

Ọkọ̀ tí mò ń wí yìí ò ní sípíríńgì. Tíṣà kan ní ilé ẹ̀kọ́ girama ló ni ín. Àbúrò rẹ̀ ló fi ránṣẹ́ sí i láti òkè òkun, ọkọ̀ ńlá dúdú tó ń dán. Àpò rọ́bà mẹ́rin tí afẹ́fẹ́ kún inú wọn ló gbé ara rẹ̀ dúró lórí táyà. Sẹ́ńsọ̀ kékeré kan sì wà nítòsí táyà kọ̀ọ̀kan, tó ní apá tín-ín-rín kan tó ń bá ọkọ̀ gòkè tó ń bá a sọ̀ kalẹ̀. Sẹ́ńsọ̀ yìí ló ń sọ fún ọpọlọ ọkọ̀ bí igun kọ̀ọ̀kan ṣe ga tó. Bó bá ní ibì kan ti lọlẹ̀ jù, ọpọlọ á fẹ́ afẹ́fẹ́ sí àpò ibẹ̀. Bó bá ní ó ti ga jù, ọpọlọ á tú afẹ́fẹ́ ibẹ̀ dànù.

Ọ̀sẹ̀ méjì ni ẹ̀yìn ọ̀tún ọkọ̀ náà ti ń wọlẹ̀. Á dúró dáadáa láàárọ̀, tó bá di ọ̀sán á ti fì sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan bí àgbà tí eékún ń dùn. Àwọn akẹ́kọ̀ọ́ Tíṣà ti ń bi í pé ta ni ẹni ńlá tó máa ń jókòó sẹ́yìn. Ọ̀gá mi da omi ọṣẹ sí ara àpò rọ́bà náà láti wò ó bóyá ó ń jò. Kò hó. Síbẹ̀ ó ní àpò ló bàjẹ́, ó ní kí Tíṣà ra òmíràn, ó pa á dà, ọkọ̀ náà sì tún wọlẹ̀. Àwọn kan ní kí wọ́n yọ gbogbo ẹ̀ dànù kí wọ́n fi sípíríńgì irin sí i, bí gbogbo ayé ṣe ń ṣe é. Tíṣà kọ̀. Ìyá rẹ̀ ń bẹ ní ìlú Ìyìn, ìbàdí ń da mama náà láàmú, ọkọ̀ yìí nìkan sì ni wọ́n lè wọ̀ lójú ọ̀nà wa láì máa ké. Ìgbà náà ni ọ̀gá mi ránṣẹ́ sí mi ní ṣọ́ọ̀bù mi ní àdúgbò Adébáyọ̀.

Mo dé, mo kúnlẹ̀ kí i. Ó ní, "Ìyá Wáyà, káàbọ̀. Bá mi bi ọkọ̀ yìí pé kí ni mo fi ṣe é."

Mo so ẹ̀rọ tí mo fi ń yẹ ọpọlọ ọkọ̀ wò mọ́ ọn. Ọkọ̀ náà dúró jẹ́ẹ́, ẹnikẹ́ni ò fọwọ́ kàn án, àmọ́ nọ́ńbà ẹ̀yìn ọ̀tún ń fò sókè fò sódò lójú ẹ̀rọ, nígbà tí àwọn mẹ́ta yòókù ò mira. Mo tú ojú wáyà tó lọ síbẹ̀, mo yẹ̀ ẹ́ wò. Ó mọ́, iná sì dé ibẹ̀. Mo dá a padà, mo na ọwọ́ láti ẹ̀gbẹ́ táyà, mo mi apá sẹ́ńsọ̀ náà díẹ̀. Nọ́ńbà fò lọ sókè pátápátá, ó jókòó síbẹ̀, kò sọ̀ mọ́. Ọ̀rọ̀ ti yé mi. Irọ́ ni sẹ́ńsọ̀ ń pa fún ọpọlọ ọkọ̀ pé ẹ̀yìn ga jù, ọpọlọ sì ń tú afẹ́fẹ́ tí kò yẹ kó tú.

Mo sọ bẹ́ẹ̀. Tíṣà rẹ́rìn-ín, ó ní, "Àṣé àpò tí a yọ yẹn ò ṣẹ ẹnikẹ́ni." Mẹkáníìkì méjì láti ṣẹ́ẹ̀dì kejì, tí wọ́n wá wòran, náà rẹ́rìn-ín. Ojú ọ̀gá mi yí padà. Ó ní kò sí ohun tí ẹ̀rọ máa rí tí ojú òun ò ní rí, kí wọ́n jẹ́ kí òun kọ́kọ́ wo sẹ́ńsọ̀ ọ̀hún. Ló bá tẹ́ pákó rẹ̀ méjèèjì, ó wa ọkọ̀ gun orí wọn, ó há táyà iwájú, ó ju kọ́kọ́rọ́ sí mi. Ó tẹ́ páálí, ó gbé tọ́ọ̀ṣì àti abọ́ omi ọṣẹ rẹ̀ dání, ó fi ẹ̀yìn wọ́ wọlé títí ó fi ku ẹsẹ̀ rẹ̀ nìkan níta.

Bó ṣe ń tẹ́ páálí yẹn ni àyà mi já. Táyà ò lè wó lóòótọ́, ṣùgbọ́n kì í ṣe táyà ló wà lókè àyà ọ̀gá mi. Ara ọkọ̀ ni, afẹ́fẹ́ ló sì gbé e dúró, ọwọ́ sẹ́ńsọ̀ tó ń purọ́ ni àṣẹ afẹ́fẹ́ náà wà. Kò sí igi kan tó ti ara ọkọ̀ náà.

Ẹnu ló yẹ kí n là kí n sọ ọ́. Ṣùgbọ́n mo ṣẹ̀ṣẹ̀ fi àṣìṣe rẹ̀ hàn níwájú oníbàárà ni. Ṣé kí n tún fi í hàn lẹ́ẹ̀kejì láàárọ̀ ọjọ́ kan náà, níwájú àwọn tó ti fi mí bú u fún ọdún gbọọrọ? Mo wá bẹ̀rẹ̀ sí í fi ọ̀wọ̀ di ọ̀rọ̀ náà bí ẹni pọ́n mọ́ínmọ́ín.

"Ọ̀gá, ẹ jọ̀ọ́, ṣé kí n wá igi kan fi ti ara rẹ̀?"

"Igi kí ni?" Ohùn rẹ̀ ń bọ̀ láti abẹ́ ọkọ̀. "Ṣé o ò rí pákó ni?"

Ọ̀kan nínú àwọn mẹkáníìkì méjì náà ní, "Bí ọmọdé bá láṣọ bí àgbà..." Kò parí ẹ̀, wọ́n ti ń rẹ́rìn-ín. Èmi náà bá wọn rẹ́rìn-ín. Mo bá wọn rẹ́rìn-ín o! Inú ẹ̀rín yẹn ṣì ń bí mi.

Mo di kọ́kọ́rọ́ mú, mo ń tan ara mi pé níwọ̀n ìgbà tó bá ti wà lọ́wọ́ mi, ọpọlọ ọkọ̀ ń sùn. Mo sì mọ̀ pé ṣíṣí ìlẹ̀kùn lásán lè jí i. Orí bátìrì ni mo ní láti yọ, iṣẹ́ sípánà kan péré. Ṣùgbọ́n bí mo bá ṣí bọ́nẹ́ẹ̀tì, á bi mí pé kí ni mò ń wá níbẹ̀, màá sì ní láti dáhùn. Mo wá dúró sí ẹ̀gbẹ́ táyà ẹ̀yìn, mo ń fi ìka wọn àlàfo tó wà láàárín táyà àti ara ọkọ̀. Ìka mẹ́rin. Mo tún wọ̀n ọ́n, ìka mẹ́rin. Ọ̀gá mi ń kun orin ìjọ́sìn kan lábẹ́ ibẹ̀, ó ń wá sẹ́ńsọ̀.

Fóònù Tíṣà dún nínú ọkọ̀. Ìyá rẹ̀ ló ń pè láti Ìyìn. Kí n tó lanu, ó ti ṣí ìlẹ̀kùn.

Iná tàn lójú dáṣíbọ́ọ̀dù. Nǹkan kan dún lábẹ́ ìjókòó ẹ̀yìn, "kẹ́", ìró tó kéré débi pé ẹni tí kò bá mọ̀ ọ́n ò lè gbọ́. Mo mọ̀ ọ́n. Ẹnu ibi tí afẹ́fẹ́ àpò ń gbà jáde ló ṣí. Mo ju kọ́kọ́rọ́ nù, mo gbá ọrùn ẹsẹ̀ ọ̀gá mi méjèèjì mú, mo jókòó sẹ́yìn, mo fà.

Bàbá tó ti lé lọ́gọ́ta ọdún! Ó wọ́ jáde tòun ti páálí, ẹ̀wù rẹ̀ ká dé ọrùn, ikùn rẹ̀ wà níta, orí rẹ̀ gbá ilẹ̀ gbì. Ó fi ìgbọ̀nwọ́ ti ara rẹ̀ dìde, ojú rẹ̀ pọ́n bí epo.

"Orí rẹ dàrú ni? Èmi lo wọ́ lẹ́sẹ̀ bí ẹran? Níbi uṣẹ́ mi? Lójú gbogbo èèyàn?"

"Kúnlẹ̀!" àwọn méjì yẹn ń pariwo mọ́ mi. "Obìnrin yìí, kúnlẹ̀ kíá!"

Mo kúnlẹ̀ sínú yẹ̀pẹ̀. Mo wo ọkọ̀ náà. Ó dúró. Ìka mẹ́rin ṣì wà níbẹ̀. Ojú tì mí débi pé, kí Ọlọ́run dárí jì mí, mo bẹ̀rẹ̀ sí í bẹ ọkọ̀ náà nínú mi pé kó wó.

Ìgbà náà ni a gbọ́ afẹ́fẹ́. Ó tú, "ṣíííí", ara ọkọ̀ náà sì bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀ kalẹ̀ lórí táyà tí kò mira, kò yára, kò sì dúró. Abọ́ omi ọṣẹ tí ọ̀gá mi fi sílẹ̀ lábẹ́ rẹ̀ dún "páá". Omi náà ṣàn jáde, ó dé eékún mi. Tíṣà di fóònù mú láì gbé e sétí, a sì ń gbọ́ ohùn ìyá rẹ̀ nínú rẹ̀ pé, "Àlóò? Àlóò?"

Mo dìde, mo yọ orí bátìrì. A fi jáàkì gbé ara ọkọ̀ sókè, a fi ìtì igi ti ìdí rẹ̀ lọ́tùn-ún lósì, kí n tó na ọwọ́ sábẹ́ rẹ̀. Nọ́ọ̀tì méjì, ojú wáyà kan àti orí apá tín-ín-rín yẹn ni gbogbo iṣẹ́ náà. Mo lọ mú sẹ́ńsọ̀ mìíràn wá láti ṣọ́ọ̀bù, èyí tí mo yọ lára irú ọkọ̀ kan náà tó ti kú. Mo dè é, mo dá bátìrì padà, a kó igi kúrò, Tíṣà tan ọkọ̀. Ẹ̀yìn ọ̀tún gbéra díẹ̀díẹ̀. Lójú ẹ̀rọ mi, nọ́ńbà mẹ́rẹ̀ẹ̀rin dúró jẹ́ẹ́.

Ó ku kí a wọ̀n ọ́n, láti àárín táyà dé etí ara ọkọ̀ lókè rẹ̀, kí n lè sọ gíga tó péye fún ọpọlọ ọkọ̀. Ọ̀gá mi ló bá mi di orí téèpù kejì mú. Téèpù náà bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan, a sì ní láti wọ̀n ọ́n lẹ́ẹ̀mejì. Mo ṣe bí ẹni tí kò rí i.

Tíṣà dúpẹ́ títí, ó wa ọkọ̀ rẹ̀ lọ sí Ìyìn. Àwọn mẹkáníìkì méjì náà ti rọra padà sí ṣẹ́ẹ̀dì wọn. Ó ku èmi àti ọ̀gá mi lórí bẹ́ǹṣì. Mo sọ̀ kalẹ̀, mo kúnlẹ̀.

"Ọ̀gá, ẹ dákun, ẹ má bínú pé mo wọ́ yín lẹ́sẹ̀."

Ó fi ọwọ́ gbá ìyẹn dànù. "Ìgbà wo lo rí i pé ó lè sọ̀ lé mi?"

N kò lè purọ́ fún un. "Ìgbà tí ẹ ń tẹ́ páálí, sà."

"Kí n tó wọlé."

"Bẹ́ẹ̀ ni, sà. Ẹ má bínú. Àwọn èèyàn ló wà níbẹ̀, n kò fẹ́ kí ojú tì yín."

Ó wò mí títí. Kò bínú mọ́. Ìbá sàn fún mi kó bínú.

"Àwọn èèyàn yẹn náà," ó ní, "ni ìbá gbé òkú mi dé ulé."