Àga Tó Ní Ogójì Ìmí

Iṣẹ́ ilẹ̀ wíwọ̀n ni mò ń ṣe fún ìjọba níbí ní Benin, ara mi kì í sì í lélẹ̀. Bí mo bá jókòó tí n kò rí ohun tí mo máa wọ̀n, ẹsẹ̀ mi á máa gbọ̀n lábẹ́ tábìlì. Lọ́dún tí bánkì tí ìyàwó mi ń bá ṣiṣẹ́ gbé e lọ sí Àkúrẹ́, tó jẹ́ pé Sátidé ló ń wá sílé, tó sì ń padà lọ́sàn-án Sọ́ńdè, ọ̀rọ̀ náà wá burú sí i. Èmi àti ọmọbìnrin wa, ọmọ ọdún mẹ́wàá, la kù sínú ilé nítòsí Siluko Road, àwa àti ariwo àwọn wẹ́dà tó ń jó irin ládùúgbò.

Ọmọ yìí gbọ́ Yorùbá dáadáa, àmọ́ kì í sọ ọ́. Bí mo bá ní, "Ṣé o ti jẹun?" á ní, "I don chop, Daddy." Ó ń dùn mí. Mo fẹ́ gbọ́ èdè mi lẹ́nu ọmọ mi.

Òun ló dá ìlú àròsọ kan sílẹ̀ tí a fi ń ṣeré. Ó yà á sínú ìwé, ó ní odò rẹ̀ ń ṣàn gòkè, ó ní agbára àràmàǹdà kan wà nínú gbogbo nǹkan ibẹ̀, látorí òkúta dórí ilẹ̀kùn. "Ibẹ̀" la sọ ìlú náà. Bí mo ṣe gbọ́ "agbára" báyìí, mo ní a gbọ́dọ̀ wọ̀n ọ́n. Mo ra òwú dúdú ní ọjà Santana, mo so kọ́kọ́rọ́ àtijọ́ kan mọ́ ọn. A ó nà án sí òkè nǹkan, a ó sé èémí, a ó ka iye ìgbà tó bá fì kí èémí tó tán. Ìfì kan la pè ní ìmí kan, a sì ń kọ iye rẹ̀ sínú ìwé náà. Ilé wa la fi ṣe Ibẹ̀: táǹkì omi ni òkè ńlá, àtẹ̀gùn ni odò.

Òfin méjì ni mo ṣe. Ẹ̀ẹ̀mẹta la ó wọn ohun kọ̀ọ̀kan, nítorí níbi iṣẹ́ wa, a kì í gba ìwọ̀n ẹ̀ẹ̀kan gbọ́. Èkejì, àwọn ará Ibẹ̀ ò gbọ́ èdè mìíràn ju Yorùbá lọ. Ọgbọ́n àgbà nìyẹn, ó sì jẹ́. Ọmọ tí kì í dá mi lóhùn wá ń pàṣẹ fún mi: "Dádì, ẹ má mí! Ẹ ti bà á jẹ́!" Bí iṣẹ́ bá ti parí, ṣe ni mò ń sáré bọ̀ wálé.

Ní Ọjọ́rú kan, mo ń yẹ ìwé náà wò bí mo ṣe máa ń yẹ iṣẹ́ àwọn ọmọ abẹ́ mi wò. Géètì: mẹ́jọ. Táǹkì: mọ́kànlá. Àga tí ìyá rẹ̀ máa ń jókòó sí ní pálọ̀: ogójì. Ogójì kẹ̀! Mo mú kọ́kọ́rọ́, mo wọn àga náà lẹ́ẹ̀mẹta. Mẹ́ta, mẹ́ta, méjì. Mo fi báírò pupa fa igi lé e.

"Irọ́ ni èyí," mo sọ fún un. "Ẹni tó bá ń purọ́ ìwọ̀n kò yẹ kó fọwọ́ kan òwú."

Ó wò mí. "No be lie." Ó pa ìwé náà dé.

Ẹyin lọ̀rọ̀, bó bá balẹ̀, fífọ́ ló ń fọ́. Mo ní ká lọ wọn òkè, ó ní, "I no dey do again." Mo ra súyà fún un, ó ní, "Thank you, sir." Sà, èmi bàbá rẹ̀! Mò ń rìn láti pálọ̀ dé kíṣìnnì, láti kíṣìnnì dé géètì. Ẹ̀rù ń bà mí pé ọwọ́ ara mi ni mo fi ti ilẹ̀kùn kan ṣoṣo tí ọmọ náà ń gbà wá bá mi.

Láàárọ̀ Sátidé, mo tún ṣí ìwé náà. Lẹ́gbẹ̀ẹ́ ogójì yẹn, ní etí ìwé, ó ti kọ ọ́ wínníwínní, tí n kò kíyè sí i lọ́jọ́ Ọjọ́rú, pé: *Sátidé. Mọ́mì wà lórí ẹ̀.*

Èmi ni mo fa ìlà sínú ìwé náà. Mo la àyè fún orúkọ nǹkan, mo la àyè fún iye, n kò la àyè fún ọjọ́. Àṣìṣe tí mo lè torí ẹ̀ lé ọmọṣẹ́ kúrò lẹ́nu iṣẹ́ ni. Àga tó ṣófo ni mo wọ̀n, tí mo fi pe ọmọ mi ní òpùrọ́. Ojú tì mí gan-an.

Lọ́sàn-án, ìyàwó mi dé, ó jẹun, ó sì sùn lọ lórí àga rẹ̀ tòun ti bàtà lẹ́sẹ̀. Kò sí iná, fáànù ò yí. Mo na kọ́kọ́rọ́ náà sí òkè ibi tó gbé ọwọ́ lé, mo sé èémí. Ó ń fì, ó ń fì. Bóyá ọwọ́ mi ló ń gbọ̀n, n kò mọ̀. Mo ka á dé mẹ́tàlélógún kí àyà mi tó fẹ́ bẹ́.

Nígbà tí mo yíjú, ọmọ náà dúró lẹ́nu ọ̀nà, ó ń wò mí.

"Mo jẹ̀bi," mo rọra sọ. "Má bínú."

Ó rìn wá sídìí àga náà.

"Ẹ̀ẹ̀mélòó lẹ wọ̀n ọ́n, Dádì?"

"Ẹ̀ẹ̀kan."

Ó gba òwú lọ́wọ́ mi. "Ó ku ẹ̀ẹ̀mejì. Ẹ jẹ́ ká ṣe é kí Mọ́mì tó jí."