Àwọn Alárù Tí Kò Ní Òṣùká

Ẹ̀yin èèyàn mi, ohun tójú èmi àti Màmá, ìyá ìyá mi, rí ní Òkókómáìkò láyé 1980s, mo fẹ́ sọ ọ́ lónìí. Inú ṣì ń bí mi!

Ọ̀gbẹ́ni kan tí gbogbo Ìbà ń pè ní Tísà ló háyà gbọ̀ngàn kan. Ó ní òun máa fi fíìmù àtijọ́ hàn wá, ogun tí òyìnbó bá òyìnbó jà ní Kamẹrúùnù lọ́dún 1914. Fíìmù tí kò sọ̀rọ̀ o! Ẹnu á máa lọ, ẹ ò ní gbọ́ nǹkan kan.

Mo bá lọ sọ fún Màmá. Ogun yẹn gan-an ni bàbá wọn bá lọ! Màmá ṣì wà nínú ìyá wọn nígbà tí wọ́n ní kí bàbá wọn wá ru ẹrù fún òyìnbó. Ó lọ, kò dé mọ́. Kò sì ní fọ́tò kankan. Màmá ní àwọn máa tẹ̀lé mi, bóyá àwọn á rí ojú bàbá àwọn kí àwọn tó kú. Ṣé kí n ní rárá ni?

Fíìmù bẹ̀rẹ̀. Òyìnbó mẹ́ta péré ń yìnbọn, odindi ìlú ń sá! Àwọn alárù ńkọ́? Òyìnbó tí wọ́n fi èédú kùn lójú! Ẹ̀yìn etí wọn ṣì funfun. Tísà ní iṣẹ́ ọpọlọ ni. Ọpọlọ wo? Ìranù!

Màmá ò tiẹ̀ wo èédú. Wọ́n bi mí pé òṣùká àwọn èèyàn yìí dà? Lóòótọ́, àpótí wà lórí wọn lásán, ọrùn ò mì, wọ́n sì ń sáré! Màmá pòṣé, wọ́n ní òfìfo ni àpótí yẹn. Wọ́n ní ìyá àwọn ló fọwọ́ ara rẹ̀ ká òṣùká fún bàbá àwọn lọ́jọ́ tó ń lọ.

Tísà rẹ́rìn-ín, ó ní irú fíìmù yìí ò lè yé Màmá. Áà, ó kó sí i! Màmá ní kó gbé máṣíìnì fíìmù rẹ̀ rù láìsí òṣùká, kó sáré bíi tàwọn alárù inú fíìmù. Gbogbo gbọ̀ngàn hó yèè. Ìṣísẹ̀ mẹ́ta, Tísà ti ń ké "orí mi o!" Màmá tú gèlè wọn, wọ́n fi ká òṣùká fún un. Aláàánú ni wọ́n, èmi kọ́!

Nígbà tí a dé Ìyànà Ìbà, Màmá ní: "Bàbá mi ò sí níbẹ̀. Ẹrù tiẹ̀ wúwo."

Ó dùn mí wọ egungun. Ẹ má jẹ́ kí ẹni tí kò ru ẹrù rí máa ròyìn alárù fún yín. Ta ló lọ ogun òyìnbó nílé tiyín tí kò dé? Ẹ kọ orúkọ rẹ̀ sísàlẹ̀. Ẹ jẹ́ kí n fi tiwa ṣíwájú: Fátọ́lá, bàbá Màmá, alárù, ọmọ Ọ̀tọ̀-Àwórì.