Ọdún Ìdìbò Tí Bàbá Mi Kọ Mọ́tò Alájì

Nígbà tí èmi náà kéré bíi tiyín, tàbí kí n kúkú sọ òótọ́, nígbà tí mo ti gboyè ní yunifásítì ṣùgbọ́n tí ọkàn mi ṣì jẹ́ ọkàn ọmọdé, inú Fẹ́sítáàkì l'Ékòó là ń gbé. Ìjọba àpapọ̀ ni bàbá mi ń bá ṣiṣẹ́, ilé tuntun ni wọ́n sì pín fún un. Ọ̀dà ṣì ń rùn lára ògiri. Àwọn ará Kuje, abúlé kan tó ti wà nítòsí wa kí ẹnikẹ́ni tó ronú kan ilé tiwa, ń gbé ẹja tútù wá bá màmá mi lẹ́nu ọ̀nà. Sójà ló ń ṣèjọba, wọ́n sì ti ní àwọn máa gbé e fún alágbádá. Ìdìbò ààrẹ ti sún mọ́lé.

Òfin kan wà tí mo gbọ́dọ̀ sọ fún yín kí ọ̀rọ̀ mi tó lè yé yín. Mọ́tò ti pọ̀ jù l'Ékòó, ni ìjọba bá pín ọjọ́ fún wọn. Bí nọ́ńbà mọ́tò rẹ bá ṣeé pín sí méjì dọ́gba, ọjọ́ tìrẹ wà. Bí kò bá ṣeé pín, ó ní ọjọ́ tìrẹ náà. Ẹni tó bá gbé mọ́tò jáde lọ́jọ́ tí kì í ṣe tirẹ̀ ti wọ gàù. Bàbá mi ní mọ́tò kékeré tí gbogbo ayé ń pè ní Ìjàpá. Aládùúgbò wa, Alájì, ọmọ Ìsẹ́yìn tó ń ta aṣọ ní Ìdúmọ̀tà, ní mọ́tò Pijó, ọjọ́ Pijó rẹ̀ sì yàtọ̀ sí ọjọ́ Ìjàpá wa. Wọ́n bá gbà láti máa gbé ara wọn. Òní Ìjàpá, ọ̀la Pijó.

Ẹ̀yìn ni èmi ń jókòó sí. Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ ríṣẹ́ sí ọ́fíìsì kan ní Marina, wọ́n ṣì ń dán mi wò, ọ̀gá mi sì ti kìlọ̀ pé ẹni tó bá pẹ́ dé, kó yáa padà sílé. Ẹ̀rù yẹn ni mo fi ń sùn, òun náà ni mo fi ń jí. Mo mọ̀ pé iṣẹ́ kò tíì wọ́n nígbà náà bíi ti òde òní, ṣùgbọ́n ọkàn kì í gbọ́ àlàyé. Alájì rí ojú mi, a sì máa fi mí ṣẹ̀fẹ̀ láràárọ̀ pé, "Ọ̀gá ọ́fíìsì, ṣé wọn ò tíì lé yín?" N ó rẹ́rìn-ín, n ó sì tún wo aago ọwọ́ mi.

Nígbà tí ìpolongo ìbò gbóná, ẹ̀fẹ̀ dín kù nínú mọ́tò. Bàbá mi ní ẹni tó fẹ́ kó di ààrẹ, ọmọ Yorùbá bíi tiwa. Alájì fẹ́ ẹnì kan láti òkè Ọya. Lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun kan, nínú Pijó, Alájì sọ fún bàbá mi pé, "Akọ̀wé, ṣé Èkó sí Ìbàdàn nìkan ni Nàìjíríà ni? Ẹni tiyín mọ̀wé o, ṣùgbọ́n ìwé nìkan ò ṣeé fi ṣàkóso ìlú."

Bàbá mi dáhùn pé, "Ẹ má fi ọgbọ́n bo ọ̀rọ̀, Alájì. Torí pé ẹ̀yin àti ọkùnrin yẹn jọ ń kírun lẹ ṣe fẹ́ ta ilé baba yín."

Háà! Mo rí ọrùn Alájì láti ẹ̀yìn, ó le gan-an bí igi. Ìgbà tó ń já wa sílẹ̀ ló tó ní, "Akọ̀wé, kí kálukú máa wá ẹsẹ̀ tirẹ̀."

Lọ́jọ́ kejì, tó jẹ́ ọjọ́ Ìjàpá, àwa méjì péré la wà nínú rẹ̀. Alájì wọ bọ́ọ̀sì. Ṣùgbọ́n Ọjọ́bọ̀ dé, ọjọ́ Pijó, bàbá mi sì kọ́ táì, ó mú kọ́kọ́rọ́ Ìjàpá. Màmá mi dúró sẹ́nu ọ̀nà. "Bàbá ọmọ mi, ẹ bá Alájì lọ, mo bẹ̀ yín." Bàbá mi ní, "Kí n máa bẹ̀ ẹ́ kiri bí?" Mo fẹ́ sọ pé kí n wọ bọ́ọ̀sì. N kò lè sọ ọ́. Ó dà bí ẹni pé bí mo bá kọ̀ láti wọ Ìjàpá, ẹ̀yìn Alájì ni mo wà.

Wọ́n dá wa dúró ní Mile 2. Sójà kan wo nọ́ńbà wa, ó rẹ́rìn-ín, ó ní kí bàbá mi sọ̀ kalẹ̀, kó gbé báàgì rẹ̀ lérí, kó máa fò bí ọ̀pọ̀lọ́. Bàbá mi, tí àwọn akọ̀wé ń dìde fún! Àwọn kọ̀ńdọ́kítọ̀ bọ́ọ̀sì ń wòran, àwọn ọlọ́jà ń wòran. Ó lóṣòó. Ojú ń tì mí nítorí rẹ̀, ojú sì tún ń tì mí pé iṣẹ́ mi ṣì ń jà rànyìn lọ́kàn mi nínú irú ìtìjú bẹ́ẹ̀.

Pijó kan kọjá. Mo mọ̀ ọ́n. Ó lọ síwájú díẹ̀, ó dúró, ó fẹ̀yìn rìn padà wá. Alájì sọ̀ kalẹ̀, ó ṣí fìlà. Ó sọ fún sójà náà pé, "Ẹ̀gbọ́n mi nìyí. Èmi ni mo yẹ kí n gbé wọn lónìí, èmi ni mo já wọn kulẹ̀. Ẹni tí ìyà tọ́ sí rèé." Kò dúró gbọ́ èsì. Ó ká agbádá rẹ̀ lé èjìká, ó lóṣòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ bàbá mi.

Sójà náà wo àgbàlagbà méjì nílẹ̀. Ẹ̀rín kúrò lẹ́nu rẹ̀. Ó ní ká máa lọ, kí Ìjàpá sùn síbẹ̀.

Nínú Pijó, Alájì ní, "Akọ̀wé, ẹ gbọn eruku orúnkún yín." Bí mo ṣe wọ ọ́fíìsì, ọ̀gá mi ń wo aago. Ó wò mí, ó ní kí n lọ jókòó sídìí iṣẹ́ mi.

A dìbò. Ẹni tí Alájì fẹ́ ló wọlé. Ọjọ́ Pijó ni ọjọ́ kejì tí wọ́n kéde rẹ̀, oorun kò sì kùn mí. Mo ń rò ó pé bí Alájì bá fi bàbá mi ṣẹ̀fẹ̀ ẹyọ kan báyìí, gbogbo rẹ̀ á tún bàjẹ́. Nígbà tí a dé ìdí mọ́tò, rédíò ń pariwo orúkọ ààrẹ tuntun. Alájì sáré pa á kí bàbá mi tó jókòó. "Ẹ káàárọ̀, Akọ̀wé." "Ẹ káàárọ̀, Alájì." Ìgbà tí a dé Mile 2, níbi tí àwọn méjèèjì ti lóṣòó gan-an, bàbá mi na ọwọ́, ó fúnra rẹ̀ tan rédíò náà. Ó ní, "Ààrẹ èmi náà ni."

Ẹ̀yin ọmọ mi, ìdìbò mìíràn tún ń bọ̀, mo sì ń gbọ́ bí ẹ ṣe ń fi fóònù bú ara yín nítorí àwọn tó fẹ́ díje. Ayé ti yí padà lóòótọ́: kálukú ti ní mọ́tò tirẹ̀, kò sí ọjọ́ tí ẹnikẹ́ni nílò Pijó aládùúgbò. Bóyá ìyẹn ló ń bà mí lẹ́rù jù. Ẹ fẹ́ràn ẹni tó bá wù yín. Ṣùgbọ́n ẹ wo ẹni tí ẹ ń bú yẹn dáadáa, kí ẹ rántí pé òun lè jẹ́ ẹni tó máa fẹ̀yìn mọ́tò rìn padà wá bá yín.