Ọkùnrin Tó Pe Ara Rẹ̀ ní Jẹ́jẹ́lọlá

Nígbà tí ogun abẹ́lé parí ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 1970, ojú títì ni gbogbo ìyá tí ọmọ rẹ̀ lọ sójú ogun ń wò ní Iyansan. Bí lọ́rì bá ti Òkìtìpupa dé, wọ́n á ti sáré jáde kó tó dúró dáadáa. Màmá Morìnsọ́lá ò lè sáré ní tirẹ̀. Ojú rẹ̀ ti ń ṣe bàìbàì, òjìji èèyàn nìkan ló kù tó ń rí. Ẹnu ọ̀nà ló máa ń jókòó sí, tí á máa bi àwọn tó ń kọjá pé, "Ta ló bọ́ sílẹ̀?" Jẹ́jẹ́lọlá, ọmọkùnrin kan ṣoṣo tó bí, wọ iṣẹ́ ológun nígbà tí wọ́n wá kó àwọn ọ̀dọ́ ní Òkìtìpupa. Láti ìgbà náà, wọn ò gbúròó rẹ̀ mọ́.

Eunice ni àkọ́bí Màmá. Ó ti lọ́kọ, ó ti bímọ, àmọ́ ilé ọkọ rẹ̀ ò jìnnà sí ilé ìyá rẹ̀. Lẹ́yìn tí bàbá wọn kú tí Jẹ́jẹ́lọlá sì lọ, òun àti Adébọ̀wálé ọkọ rẹ̀ ni wọ́n ń tọ́jú oko ọ̀pẹ bàbá náà, torí kí igbó má bàa gbà á. Òun náà ló ń rẹ ẹ̀gẹ́, tó ń mọ púpurú, tó ń yan án lórí iná, kí Màmá lè rí nǹkan jẹ. Kò ka èyíkéyìí nínú rẹ̀ sí ìyà. Ẹ̀yìn rẹ̀ ni Jẹ́jẹ́lọlá ti dàgbà, nítorí ìgbà tí wọ́n bí ọmọ náà, Màmá ń ná ọjà ẹja lọ sí etí omi, kì í sábà sí nílé. Kò sí ibi tí Eunice ò mọ̀ lára ọmọ náà, látorí dé àtẹ́lẹsẹ̀.

Ìjọ Aládùúrà kan ní Iyansan ni ìyá àtọmọ ń lọ. Ní ọjọ́ Ìsinmi kan, bí wọ́n ṣe ń gbàdúrà lọ, Wòlíì Àjíṣafẹ́ gbọn jìgìjìgì nínú sùtánà rẹ̀, ó na ọwọ́ sí Màmá Morìnsọ́lá.

"Ọmọ yín ń bọ̀," ló wí. "Ṣùgbọ́n ogun ti pa á láwọ̀ dà. Ẹ lè rí i kí ẹ má dá a mọ̀. Ẹ má ṣiyèméjì o."

Gbogbo ìjọ ṣe àmín. Eunice náà ṣe é, ó tún pariwo ju ẹlòmíì lọ.

Ìran yẹn ò dúró sí Iyansan. Àwọn obìnrin ìjọ gbé e lọ sọ́jà Òkìtìpupa, àwọn awakọ̀ gbọ́ ọ, wọ́n ń sọ ọ́ kiri. Ìgbà òjò ò tíì parí tí ẹni náà fi dé.

Oko ni Eunice wà nígbà tí aládùúgbò kan wá ké sí i pé àbúrò rẹ̀ ti dé. Ibi tí agbọ̀n ẹ̀gẹ́ bọ́ sí, kò mọ̀. Ó sáré dé àgbàlá, ó bá èrò tó kún ibẹ̀ tí wọ́n ń kọrin ọpẹ́. Láàárín wọn, ọkùnrin kan tó wọ kóòtù ológun jókòó ti Màmá, àpá gígùn kan wà lójú rẹ̀ láti etí dé àgbọ̀n. Màmá ń fi ọwọ́ méjèèjì wá ojú rẹ̀, ó ń sunkún.

Eunice ti la apá méjèèjì. Nígbà tó sún mọ́ ọn, apá náà wálẹ̀.

Ọkùnrin náà dìde, ó dọ̀bálẹ̀ gbalaja. "Sìsítà mi," ló wí. "Ẹ ò dá mi mọ̀ ni?"

Eunice wo orí rẹ̀, ó wo etí, ó wo bí èjìká rẹ̀ ṣe rí. Gíga òun àti Jẹ́jẹ́lọlá dọ́gba, àwọ̀ wọn jọra. Ìyẹn náà ló tán.

"Rárá," ló wí. "N ò mọ ẹni yìí."

Orin náà dá. Wòlíì Àjíṣafẹ́ tó dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri rẹ́rìn-ín músẹ́. "Ẹ rántí ìran," ló wí fún àwọn èèyàn, wọ́n sì tún gbé orin sókè. Ẹnikẹ́ni ò bi Eunice ní nǹkan kan mọ́.

Ohun tó mú un bínú jù ni pé kò sí ìbéèrè tí ọkùnrin náà ò ní èsì sí. Ọlọ́wọ́ òsì ni Jẹ́jẹ́lọlá, ọwọ́ ọ̀tún lẹni yìí fi ń jẹun. Ó ní ìbọn ló ba iṣan ọwọ́ òsì òun jẹ́. Àpá iná kan wà lójúgun Jẹ́jẹ́lọlá láti kékeré, ojúgun ẹni yìí sì kún fún àpá débi pé èèyàn ò lè mọ èwo ni ti iná. Ògbójú ni Jẹ́jẹ́lọlá lórí ọ̀pẹ, ẹni yìí ò jẹ́ fọwọ́ kan igbà, ó ní dókítà kìlọ̀ pé kóun má gun òkè mọ́. Èyí tó wá burú níbẹ̀ ni ohùn rẹ̀. Yorùbá bíi ti orí rédíò ló ń sọ. Nígbà tí Eunice bá da ọ̀rọ̀ Ìkálẹ̀, èdè ilé wọn, bò ó, á kọ́kọ́ dákẹ́ díẹ̀ bí ẹni tó ń wá nǹkan, kó tó rẹ́rìn-ín.

"Ẹ má bínú, Sìsítà," á ní. "Ẹni tó bá pẹ́ láàárín àwọn Haúsá ní bárékè, ahọ́n rẹ̀ á yí."

Ogun ló jẹ́ èsì sí gbogbo ẹ̀. Ta ló lè bá ogun jiyàn?

Síbẹ̀, ó mọ nǹkan. Ó mọ orúkọ ìnagijẹ bàbá wọn. Ó mọ orúkọ ajá tí wọ́n ní rí. Ó sọ bí òun àti Ọmọ́túndé, ọ̀rẹ́ òun, ṣe jí ọkọ̀ apẹja kan wà, tó dà wọ́n sómi. Àwọn aládùúgbò rẹ́rìn-ín títí, wọ́n ń wo Eunice bí ẹni pé ojú ló yẹ kó tì í. Ojú ò tì í. Ó tojú sú u ni.

Ó lọ bá Wòlíì. Ó sọ gbogbo ohun tó rí fún un, ó ń sọ̀rọ̀ pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́ kó má bàa dà bí ẹni tó ń jà. Wòlíì gbọ́ ọ tán.

"Sìsítà Eunice," ló wí, "oko ọ̀pẹ yẹn, ta ló ń kọ ẹyìn rẹ̀ láti ìgbà tí Bàbá ti kú?"

"Èmi àti ọkọ mi ni, sà."

"Tí àbúrò yín bá dé, ta ni yóò ni ín?"

Ibẹ̀ ni Eunice ti mọ ohun tí ìlú ń sọ lẹ́yìn òun. Nígbà tó délé, ó rò ó fún Adébọ̀wálé, ó retí pé inú á bí i. Adébọ̀wálé kàn ń fi òkúta pọ́n àdá rẹ̀ ni.

"Ìyá Fúnmi, fi í sílẹ̀," ló wí. "Bí a bá ń ja ọ̀rọ̀ yìí, wọ́n á ní torí ọ̀pẹ ni. A ti fi oko náà sílẹ̀ fún un, a ti kó àdá wa kúrò níbẹ̀. Kí lo tún fẹ́?"

"Mo fẹ́ kí ẹnìkan gbà mí gbọ́."

"Èmi gbà ọ́ gbọ́. Kí ni ìyẹn wá ṣe?"

Kò ṣe nǹkan kan lóòótọ́. Ọ̀rọ̀ náà sú Eunice débi pé ó ń kanra mọ́ àwọn ọmọ rẹ̀ láìnídìí, ó sì ń da omi sí iná tí kò tíì yẹ ní pípa. Ní gbogbo ìgbà yẹn, Màmá ń sanra. Obìnrin tí kì í jẹun tán tẹ́lẹ̀ ti ń béèrè ẹja. Bí Eunice bá wọlé, ẹ̀rín ọkùnrin náà àti ti Màmá ló máa ń bá níbẹ̀.

Ó wá ronú kan Ọmọ́túndé. Ọjọ́ kan náà ni òun àti Jẹ́jẹ́lọlá wọ iṣẹ́ ológun, Eunice sì ti gbọ́ pé ó ti padà sọ́dọ̀ àwọn ẹbí ìyá rẹ̀ ní Igbotako. Ó wọ mọ́tò lọ síbẹ̀. Ó bá a lábẹ́ àtíbàbà, ẹsẹ̀ rẹ̀ kan ti gé, ó ń hun agbọ̀n.

Ọmọ́túndé gbọ́ ohun tó wá sọ, ó gbé agbọ̀n náà sílẹ̀. "Ilé ìwòsàn àwọn ológun ni mo wà fún ìgbà pípẹ́," ló wí. "Ọkùnrin kan tó lápá lójú wà lórí bẹ́ẹ̀dì tó tẹ̀ lé tèmi. Ó fẹ́ràn ìtàn. Mo sọ ti ilé wa fún un, mo sọ ti Jẹ́jẹ́, mo sọ ti ọkọ̀ apẹja yẹn. Mo rò pé ó ń mú mi sọ̀rọ̀ kí ìrora má bàa pa mí ni."

"Jẹ́jẹ́ fúnra rẹ̀ ńkọ́?"

"Wọ́n pín wa níyà létí odò kan lọ́hùn-ún. N ò rí i mọ́, ẹ̀gbọ́n mi. Bóyá ó wà, bóyá kò sí, n ò lè sọ."

Eunice bẹ̀ ẹ́ kó wá sọ ọ́ ní Iyansan, Ọmọ́túndé sì gbà. Bí wọ́n ṣe ń bọ̀ nínú mọ́tò, ọkàn Eunice fúyẹ́. Ó ti ń ro bí òun á ṣe wo ojú Wòlíì.

Wọ́n bá Màmá àti ọkùnrin náà nídìí oúnjẹ. Bí ọkùnrin náà ṣe rí Ọmọ́túndé, òkèlè dúró lọ́wọ́ rẹ̀. Ṣùgbọ́n Màmá ló kọ́kọ́ sọ̀rọ̀. Ó ti gbọ́ ohùn Ọmọ́túndé lẹ́nu ọ̀nà, ó ti na ọwọ́, ó fà á mọ́ra.

"Ìwọ náà dé, ọmọ mi. Ọlọ́run ò jẹ́ kí n pàdánù ẹ̀yin méjèèjì. Wò ó, ọ̀rẹ́ rẹ rèé. Ṣé òun kọ́ ni?"

Ọmọ́túndé wo Màmá. Ó wo igi tó fi ń tilẹ̀. Eunice ń retí.

"Ó ti pẹ́, Mà," ni Ọmọ́túndé wí. "Ojú gbogbo wa ló ti yí padà."

Nígbà tí Eunice sìn ín padà lọ wọ mọ́tò, kò bá a sọ̀rọ̀. Ọmọ́túndé ló ń sọ pé, "Ẹ̀gbọ́n mi, n ò lè fi ẹnu mi pa Jẹ́jẹ́ fún Màmá."

Ẹ̀rù ba ọkùnrin náà síbẹ̀. Ó sọ fún Wòlíì pé òun fẹ́ ta epo oko bàbá òun, kóun fi ra páànù tuntun sórí ilé ìjọ. Wòlíì gbàdúrà fún un níwájú gbogbo ìjọ. Wọ́n bá a yí àwọn dúrọ́ọ̀mù epo sórí lọ́rì, ó gbé kẹ̀kẹ́ ológeere bàbá wọn lé e, ó sì kọjá lọ sí Òkìtìpupa. Wọn ò rí i mọ́.

Ẹni tó bá rò pé ìyẹn yóò dá Eunice láre ò mọ Iyansan. Wòlíì ní wọ́n ti pè é padà sẹ́nu iṣẹ́ ológun. Àwọn kan ní àwọn olè ló dá a lọ́nà. Ní ti Màmá, ó sọ ọ́ sí Eunice lójú.

"Ìwọ lo lé e. Láti ọjọ́ tó ti dé, o ò rẹ́rìn-ín sí i lẹ́ẹ̀kan. Ta ló lè gbé ilé tí ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ti ń wò ó bí olè?"

"Màmá, olè ni."

"Jáde kúrò níwájú mi."

Ó tó ọdún kan lẹ́yìn náà kí àwọn ọlọ́pàá tó ránṣẹ́ pe Eunice sí àgọ́ wọn ní Òkìtìpupa. Ọwọ́ ti tẹ ọkùnrin kan ní abúlé mìíràn, níbi tó ti ń pe ara rẹ̀ ní ọmọ opó kan tí ogun gbé lọ. Ọmọ gidi ló wọlé bá a. Nígbà tí wọ́n lù ú, ó dárúkọ Iyansan. Wọ́n fẹ́ kí Eunice wá wò ó bóyá òun ni. Òun ni. Ó jẹ́wọ́ gbogbo rẹ̀ níwájú Eunice.

Eunice ò bá ẹnikẹ́ni sọ̀rọ̀ lójú ọ̀nà. Ọ̀dọ̀ Màmá ló gbà lọ tààrà. Ó rò ó fún un láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, ti ilé ìwòsàn, ti Ọmọ́túndé, ti opó kejì. Màmá gbọ́ ọ láìjá a lẹ́nu.

"Ṣé wọ́n ń fún un lóúnjẹ níbẹ̀?" ló béèrè.

"Màmá, ṣé ẹ gbọ́ ohun tí mo sọ? Kì í ṣe òun."

"Mo gbọ́ ọ." Ohùn Màmá ò le. "Bí kì í bá ṣe òun, a jẹ́ pé ọmọ mi ò bọ̀ mọ́. Ṣé ohun tí o rìn dé Òkìtìpupa lọ mú wá fún mi nìyẹn?"

Ní àárọ̀ ọjọ́ kejì, Màmá ti ní kí wọ́n di púpurú àti ọbẹ̀ ẹja sínú abọ́, ó ní kí Eunice gbé e lọ fún ọkùnrin náà ní àgọ́ ọlọ́pàá. Inú bí Eunice. Ó gbé e lọ.

Ọkùnrin náà jẹun láìgbójú sókè. "Màmá ńkọ́?" ló béèrè nígbà tó ṣe tán.

"Má bi mí nípa ìyá mi," ni Eunice wí. "Ohun kan ni mo fẹ́ mọ̀. Jẹ́jẹ́lọlá, ǹjẹ́ o fojú kàn án rí? Ibì kankan nínú ogun yẹn?"

Ọkùnrin náà mi orí. "Ẹ jọ̀ọ́, Sìsítà. Ẹnu Ọmọ́túndé nìkan ni mo ti gbọ́ ọ."

Ó dà bí ẹni pé fún ìgbà àkọ́kọ́, òótọ́ ló sọ. Ká ní ó pa irọ́ kan sí i, bóyá Eunice ì bá gbà á. Ó kó abọ́ náà, ó jáde.

Òun àti Adébọ̀wálé padà sínú oko ọ̀pẹ náà, igbó sì ti bo ìdí rẹ̀. Àwọn tó pè é ní olójúkòkòrò ń kí i lójú ọ̀nà bí ẹni tí nǹkan kan ò ṣẹlẹ̀ rí. Kò sí ẹnìkan nínú wọn tó sọ pé òun ṣàṣìṣe. Wòlíì ṣì ń ríran. Nígbà tí Màmá kú ní ọdún 1973, ohun tó sọ fún Eunice kẹ́yìn ni pé tí Jẹ́jẹ́lọlá bá dé, kó má fi ojú líle gbà á.

Eunice ṣèlérí fún un.