Ilẹ̀kùn Iwájú Nílé Yáyá

Aago mẹ́wàá kọjá ìṣẹ́jú mẹ́wàá ni, ní òwúrọ̀ Sátidé. Àwa mẹ́rin la dúró níwájú ilé náà: Àbẹ̀kẹ́ ọmọ mi, tó ń mú àlejò rìn yíká àwọn ilé àtijọ́ tó wà láàárín ìlú Kútọnu, olùkọ́ kan tó ti fẹ̀yìn tì àti ìyàwó rẹ̀, tí wọ́n wá láti Abẹ́òkúta, àti èmi. Àbẹ̀kẹ́ fi èjìká ti ilẹ̀kùn ńlá iwájú. Ó kọ́kọ́ kọ̀. Lẹ́yìn náà ó gbà, ìsàlẹ̀ rẹ̀ sì ń ha sìmẹ́ǹtì ilẹ̀ lọ díẹ̀díẹ̀, bí ìgbà tí ènìyàn ń wọ́ àpótí tó kún. Mo fọwọ́ ti ògiri. Ó ti lé ní ogójì ọdún tí mo gbọ́ ìró yẹn kẹ́yìn.

N kì í bá wọn rin irú ìrìn bẹ́ẹ̀ tẹ́lẹ̀. Láti ìgbà tí ìyá Àbẹ̀kẹ́ ti kú, ó di ọdún méjì báyìí, ọ̀nà kan ṣoṣo ni mo mọ̀: láti ilé mi ní Akpakpa dé ibi iṣẹ́ mi ní Gbégamey, níbi tí mo ti ń kan ilẹ̀kùn àti fèrèsé, kí n sì padà sílé. Àbẹ̀kẹ́ ló ní kí n jáde díẹ̀. "Ẹ wá gbọ́ bí mo ṣe ń ṣe é, Bàbá. Bí mo bá ti ń purọ́, kí ẹ wúkọ́."

A ti bẹ̀rẹ̀ láti ibùdó ọkọ̀ ojú irin ní aago mẹ́jọ. Ó fi ilé àwọn oníṣòwò Faransé hàn wá, èyí tí ìsàlẹ̀ rẹ̀ jẹ́ ibi ìkẹ́rùsí, tí òkè rẹ̀ sì ní ọ̀dẹ̀dẹ̀ onípákó yíká, kí ọ̀gá lè máa gba afẹ́fẹ́ òkun. Iyọ̀ ti jẹ gbogbo irin wọn. Ó mú wa dé etí òkun, ibi tí wọ́ọ̀fù ti bẹ̀rẹ̀ láyé ọjọ́un, afárá irin gígùn tó wọ inú òkun lọ, tí bàbá mi ti ru ẹrù lórí rẹ̀ títí ẹ̀yìn rẹ̀ fi tẹ̀. Omi nìkan ló kù níbẹ̀. Olùkọ́ náà ń kan ògiri gbogbo ilé tí a bá dé. "Ẹ wo bó ṣe nípọn! Nílé tèmi, bí mo bá sín, ará ilé kejì ló máa ń kí mi." Ìyàwó rẹ̀ kò tilẹ̀ wo ojú rẹ̀. "Ṣebí ìwọ náà lo kọ́ ọ. Ta lo fẹ́ fi sùn?"

Mo rẹ́rìn-ín pẹ̀lú wọn. N kò mọ̀ pé ilé yẹn ló kàn.

Ilé Àgùdà ni, ilé àwọn tí bàbá ńlá wọn ti ilẹ̀ Bràsíìlì padà wálé. Òdòdó tí wọ́n fi amọ̀ funfun mọ ṣì wà lórí fèrèsé, ṣùgbọ́n ọ̀dà pupa fẹ́ẹ́rẹ́ tí mo mọ̀ mọ́ ọn ti ṣí, ó rí bí awọ ẹni tó ṣàìsàn pẹ́. Àbẹ̀kẹ́ dúró sẹ́nu ọ̀nà, ó ní, "Ẹnu ọ̀nà ẹ̀gbẹ́ ni gbogbo ayé ń gbà wọ ilé yìí, àtonílé àtàlejò. Ilẹ̀kùn iwájú yìí ní tirẹ̀ lọ́tọ̀. Ẹ̀ẹ̀mejì péré ni obìnrin tí wọ́n bí síbí ń gbà á kọjá: ọjọ́ tó bá ń lọ sílé ọkọ, àti ọjọ́ tí wọ́n bá ń gbé e lọ sí itẹ́ òkú."

Ó sọ ọ́ dáadáa. N kò wúkọ́. Ọmọ náà kò mọ̀ pé yàrá kan wà lẹ́yìn ilé yẹn tí bàbá òun dàgbà sí. N kò sọ fún un rí. N kò sọ fún ìyá rẹ̀ náà.

Ẹ̀yin ọmọ ìsinsìnyí, tí ẹ ń gbé ilé tí ilẹ̀kùn rẹ̀ kò ju ilẹ̀kùn lọ, ẹ jẹ́ kí n ṣàlàyé. Nígbà tí Faransé ṣì ń ṣe ìjọba Dahomey, Kétu ni bàbá àti ìyá mi ti wá sí Kútọnu, wọ́n sì háyà yàrá kan lẹ́yìn ilé Àgùdà náà. Ìyá mi ń ta àkàsà. Yáyá ló ni ilé, bí wọ́n ṣe máa ń pe ìyá àgbà nílé Àgùdà nìyẹn. Obìnrin tẹ́ẹ́rẹ́ ni, aṣọ dúdú ló ń wọ̀ lójoojúmọ́. Bí a bá jí láàárọ̀, gbogbo ọmọ inú ọgbà, ọmọ onílé àti ọmọ ayálégbé, la máa tò síwájú rẹ̀ tí a ó sì kí i ní "bọ́ńdíà", ẹ káàárọ̀ ní èdè Potogí, kó tó sọ pé kí á lọ bójú. Nígbà tí mo wà ní kékeré, mo rò pé bọ́ńdíà jẹ́ orúkọ rẹ̀.

Ọmọ ọmọ rẹ̀ ni Fìlómẹ́nà. Ọmọ ọdún mẹ́wàá ni wá, èmi àti òun. Òun ń lọ sílé ìwé àwọn sísítà, èmi kò tíì lọ síbì kankan. Ẹsẹ̀ rẹ̀ yá, ẹnu rẹ̀ yá jù bẹ́ẹ̀ lọ. Èmi ga, mo sì dákẹ́. "Ìwọ ni àkàbà mi," ló máa ń sọ, nítorí pé èmi ni mò ń ká máńgòrò fún un.

Ilẹ̀kùn iwájú ní irin ìtìlẹ̀kùn méjì. Ti ìsàlẹ̀ wà fún olè. Ti òkè wà fún àṣà. Lọ́jọ́ ìgbéyàwó, bàbá ìyàwó ló ń fa irin òkè wálẹ̀, òun kan náà ló sì ń tì í padà lẹ́yìn tí ìyàwó bá ti jáde. Lọ́jọ́ ìsìnkú, àkọ́bí òkú ni. Ọwọ́ tó bá ṣí i ni yóò tì í. Kò sẹ́ni tó ń bá ẹlòmíì tì í. Yáyá ní bí ẹlòmíì bá bá ọ tì í, ohun tó mú ọ ṣí i kò parí.

Ọ̀sán ọjọ́ kan lákòókò òjò, nígbà tí àwọn àgbà ń sùn, Fìlómẹ́nà yọ aṣọ fèrèsé, ó fi bo orí. "Mo fẹ́ mọ bó ṣe ń rí," ló wí. "Gbé àga wá."

Mo gbé àga wá. Mo gùn ún, mo fa irin òkè wálẹ̀. A fa ilẹ̀kùn náà, ó ń ha ilẹ̀, a ń di ẹnu wa mú. Ó jáde sójú títì nínú oòrùn, ó fi ọwọ́ gbá aṣọ fèrèsé yẹn mú lábẹ́ àgbọ̀n, ó rin ìṣísẹ̀ méje, mo kà á. Èmi ni ọkọ. N kò wọ bàtà. Ọkùnrin kan tó ń ti kẹ̀kẹ́ lọ bọ́ fìlà fún un. Mo lè sọ fún yín pé nínú gbogbo ìgbéyàwó tí mo ti rí, títí kan tèmi, n kò tíì rí ìyàwó tí inú rẹ̀ dùn tó bẹ́ẹ̀.

Nígbà tí a padà wọlé, ilẹ̀kùn kò tì. Òjò ti mú pákó rẹ̀ wú. A tì í, a tì í, irin òkè kò bọ́ sí ojú ihò rẹ̀. A gbọ́ ikọ́ Yáyá lókè. A sá.

Lálẹ́ ọjọ́ náà Yáyá to gbogbo wa sí àgbàlá. Kò pariwo. Ó bèèrè lẹ́ẹ̀kan. Mo wo ìyá mi, mo ronú ibi tí a máa kó lọ bí wọ́n bá lé wa. Mo dákẹ́. Fìlómẹ́nà wò mí, ó rí i pé mo dákẹ́, òun náà dákẹ́. Yáyá ní, "Ẹni tó ṣí i mọ ara rẹ̀. Bó ṣe wà yẹn ni yóò wà títí yóò fi wá tì í."

Ní ọjọ́ kejì, Fìlómẹ́nà bá mi létí kànga. "Ìwọ lo ga. Wá tì í, èmi á di àga mú." Mo ní, "Lọ́la." Ní ọjọ́ kẹta ó tún bi mí. Mo ní lọ́la. Ní ọjọ́ kẹrin kò bi mí mọ́, ó kàn wo ojú mi. Mo ní, "Mo ti sọ fún ọ, lọ́la ni mò ń bọ̀."

Ní ọjọ́ karùn-ún ni ibà mú un. Wọn kò jẹ́ kí ọmọ ayálégbé kankan wọ inú ilé mọ́. Ní ọjọ́ kẹsàn-án, mo dúró lẹ́yìn kànga, mo rí wọn tí wọ́n ń gbé e gba ilẹ̀kùn iwájú jáde, ó wọ aṣọ funfun. Mo mọ ìṣirò ju bí wọ́n ṣe rò lọ. Ẹ̀ẹ̀mejì ni. Èmi ni mo ṣí ti àkọ́kọ́ fún un kí àkókò rẹ̀ tó tó, tí n kò sì tì í.

Kí ọdún náà tó parí, bàbá mi fi mí ránṣẹ́ sí ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ní Kétu. Ọmọ ọdún méjìlá ni mo wọ ilé ìwé, láàárín àwọn ọmọ ọdún méje, orúnkún mi ń kan tábìlì. Lẹ́yìn ìyẹn mo kọ́ṣẹ́ káfíńtà. Gbogbo ilẹ̀kùn tí mo ti kàn, èmi ni mo máa ń kọ́kọ́ tì í kí n tó gbé kọ́kọ́rọ́ fún onílé. Ìyàwó mi máa ń fi mí ṣẹ̀fẹ̀. "Bàbá Àbẹ̀kẹ́, ẹ kò fọkàn tán ilẹ̀kùn." Mo máa ń sọ pé iṣẹ́ ni.

Àbẹ̀kẹ́ mú àwọn àlejò gun òkè. Èmi dúró nísàlẹ̀. Obìnrin arúgbó kan jókòó sínú àga ní pálọ̀, ó di ọ̀pá mú. Ẹ̀gbọ́n Fìlómẹ́nà ni, Sẹ́sílíà. Ó ti di ọmọge nígbà tí àwa wà ní kékeré. Òun ni wọ́n ń pè ní Yáyá báyìí.

"Bọ́ńdíà, Sísì," ni mo wí.

Ó gbé ojú sókè. Ó wo orí mi. "Ta ló ń kí mi bí ará ilé? Ọmọ Ìyá Alákàsà! Irun rẹ dà? Ṣé o tà á ni?"

Mo jókòó. Ó sọ fún mi pé àwọn ẹbí ti ta ilé náà, ẹni tó rà á yóò wó o, òun yóò sì kó lọ sọ́dọ̀ ọmọ òun ní Cadjèhoun bí oṣù bá parí. Mo mọ̀ nígbà náà pé bí n kò bá sọ ọ́ níbẹ̀, kò ní síbi tí mo tún máa sọ ọ́ sí. Mo sọ ọ́. Kò gùn. Mo ní, "Sísì, èmi ni mo ṣí ilẹ̀kùn lọ́jọ́ yẹn. Èmi ni n kò tì í."

Kò wò mí. Ilẹ̀kùn ló ń wò. "Lọ́jọ́ kejì tí ibà mú un, a wá a lórí ẹní, a kò rí i. Ìdí ilẹ̀kùn la bá a, ó jókòó sórí àga, ó ń gbọ̀n. Yáyá fúnra rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí bẹ̀ ẹ́ pé kó jẹ́ kí òun tì í, kí ara rẹ̀ lè balẹ̀. Ó di irin náà mú. Ó ní, 'Ẹ má tì í o, Yáyá. Ó ní lọ́la lòun ń bọ̀.'"

Mo yíjú sí irin òkè náà.

"Yáyá kò bèèrè ẹni tó ń bọ̀. Ọmọ wo ló tún ga tó bẹ́ẹ̀ nínú ọgbà? Lẹ́yìn ìsìnkú, ti ìsàlẹ̀ nìkan ló jẹ́ kí wọ́n tì. Ó ní kí ẹnikẹ́ni má fọwọ́ kan ti òkè, ọmọ òun ń retí ẹnìkan. Nígbà tí Yáyá kú, a kò yí i padà. Ìdí nìyẹn tí mo fi ń jẹ́ kí àlejò gbà á kọjá. Ilẹ̀kùn tí wọn kò tíì tì, èèwọ̀ wo ló kù níbẹ̀?" Ó wá yíjú sí mi. "Lọ́la rẹ pẹ́ o, ọmọ Ìyá Alákàsà."

Olùkọ́ náà ń sọ̀ kalẹ̀ bọ̀, ó ń yìn àtẹ̀gùn. Mo dìde, mo bá wọn lọ.

Gbogbo ọ̀sán náà ni mo fi ń rò ó. Àwọn ilé náà ń lọ lọ́kọ̀ọ̀kan. Ibi tí ìyá mi ti ń ta àkàsà ti di ibi tí wọ́n ń pààrọ̀ táyà alùpùpù. Kò sẹ́ni tó ń tò láti kí ìyá àgbà láàárọ̀ mọ́. Mo ti rò tẹ́lẹ̀ pé ẹ̀bi mi ló kù nínú ilé yẹn, pé ọjọ́ tí wọ́n bá wó o ni yóò lọ. Kì í ṣe ẹ̀bi ló wà níbẹ̀. Ọmọ ọdún mẹ́wàá kan ló gba ọ̀rọ̀ mi gbọ́, tí àwọn arúgbó méjì sì bá a tọ́jú ìgbàgbọ́ náà títí mo fi dé. Mi ò mọ èyí tó wúwo jù nínú méjèèjì.

Ní àárọ̀ ọjọ́ kejì, mo kó ràbó tí mo fi ń fá pákó, ìwé tí a fi ń dán pákó àti igo epo sínú àpò. Mo jí Àbẹ̀kẹ́. Lórí afárá, bí a ṣe ń kúrò ní Akpakpa, mo sọ gbogbo rẹ̀ fún un. Ó gba àpò lọ́wọ́ mi.

A bá Sísì Sẹ́sílíà ní pálọ̀, ó ti wọṣọ ṣọ́ọ̀ṣì. Èmi àti Àbẹ̀kẹ́ gbé ilẹ̀kùn náà kúrò lára òpó, a tẹ́ ẹ sílẹ̀. Mo fá ìsàlẹ̀ rẹ̀. Pákó gidi ni, inú rẹ̀ ṣì pupa, ó ṣì ń rùn bí pákó. Mo fi epo sí irin méjèèjì. A gbé e padà. Mo tì í. Kò ha ilẹ̀.

Àbẹ̀kẹ́ gbé àga wá fún mi. Mo ní kó gbé e padà. Mo na ọwọ́, mo ti irin òkè, ó wọnú ihò rẹ̀.

"Ó tì?" ni Sísì bèèrè.

"Ó tì, Sísì."

Ó dìde, ó di apá mi mú. A gba ẹnu ọ̀nà ẹ̀gbẹ́ jáde, àwa mẹ́tẹ̀ẹ̀ta.