Okùn Aṣọ Andro Petrilak

Bí wọ́n bá ní kí ará Hollen Gap kan sọ ìtàn olóògbé Andro Petrilak, ti aṣọ ibùsùn mẹ́fà ni yóò kọ́kọ́ sọ, bí Verna ìyàwó rẹ̀ bá sì wà níbẹ̀, òun ni yóò parí rẹ̀.

Òkè ló yí ìlú awakùsà náà ká. Tẹlifísọ̀n kì í gbé nǹkan kan níbẹ̀ kí Andro tó gbé éríà, irin tó ń gba àwòrán, lọ sórí òkè, tó fa wáyà wá sí ẹ̀yìnkùlé kálukú. Ó ti fẹnu ara rẹ̀ sọ pé bí àwòrán bá lọ lọ́jọ́ àṣekágbá bẹ́ísíbọ́ọ̀lù, kí gbogbo ilé já wáyà òun dànù. Ọjọ́ Ajé ni àṣekágbá náà bọ́ sí, gbogbo ìlú jókòó, àwòrán bá pòórá.

Andro tọ wáyà náà láti igi dé igi, ó di ẹ̀yìnkùlé Ìyáàfin Zofia Banasik. Aṣọ ibùsùn tútù mẹ́fà ló wà lórí wáyà, ìwúwo wọn ti fà á yọ ní oríkèé, níbi tí wáyà méjì ti pàdé.

"Màmá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ kó aṣọ yín kúrò lórí tẹlifísọ̀n ìlú."

"Ọjọ́ Ajé la máa ń fọṣọ. Wáyà rẹ ń gba ẹ̀yìnkùlé mi kọjá lójoojúmọ́, kò kí mi rí. Jẹ́ kó ṣiṣẹ́ díẹ̀."

"Èmi á kó wọn fúnra mi."

"Kó wọn. Ṣùgbọ́n èyí tó bá kan eruku èédú yìí, ìwọ lo máa tún un fọ̀."

Andro kó wọn, ó ki wáyà padà bọ oríkèé, ó na apá méjèèjì, ó gbé aṣọ mẹ́fẹ̀ẹ̀fà dání títí eré fi parí. Omi ń ro sínú bàtà rẹ̀, kò sì rí ẹyọ bọ́ọ̀lù kan.

Lọ́sẹ̀ kejì, ó ri òpó sí gbogbo ẹ̀yìnkùlé, ó na okùn aṣọ fún wọn lọ́fẹ̀ẹ́. Ìyáàfin Banasik ní òun ò gbà àfi bí tòun bá ní kẹ̀kẹ́ kékeré tí okùn ń gbà yí, kí òun lè máa fa aṣọ wá síwájú. Wọ́n fa ọ̀rọ̀ náà fún ọjọ́ mẹ́ta. Kẹ̀kẹ́ méjì ni màmá náà gbà níkẹyìn.

Nígbà tó yá, ilé-iṣẹ́ ńlá kan wá láti Philadelphia láti ra wáyà náà. Ìbéèrè kan ni Andro bi wọ́n: "Ta ni yóò máa tún okùn aṣọ ṣe?" Wọ́n rẹ́rìn-ín. Ó kó fìlà wọn lé wọn lọ́wọ́, ó ní kí wọ́n máa lọ. Verna, tó ti ń fọkàn kọ́lé tuntun, ò bá a sọ̀rọ̀ fún ọjọ́ méjì, àmọ́ kò rí ọkùnrin míì tó wù ú tó bẹ́ẹ̀.

Ọjọ́ Ajé kan ní oṣù Kẹta ni wọ́n sin Andro. Bí Verna ṣe ń bọ̀ láti itẹ́ òkú, ó wo ẹ̀yìnkùlé àwọn ará àdúgbò. Gbogbo okùn aṣọ ló ṣófo.

Ìyáàfin Banasik, tó ti di arúgbó, ti dúró dè é lẹ́nu ọ̀nà pẹ̀lú abọ́ oúnjẹ.

"Àná ni mo fọ tèmi."

"Lọ́jọ́ Ìsinmi, Màmá? Ẹ̀yin tí ẹ ò jẹ́ ká fi abẹ́rẹ́ kan aṣọ lọ́jọ́ náà?"

"Mo ti sọ fún àlùfáà. Inú ilé ni mo sá wọn sí. Bí Andro bá ń wò wá, mi ò fẹ́ kí àwòrán lọ."

Verna bú sẹ́rìn-ín. Ó dì mọ́ arúgbó náà, kò sì fi í sílẹ̀ títí ẹ̀rín fi di ẹkún.