Òfì Bàbá Àgbà Lára Ògiri

Iṣẹ́ mi nílé tẹlifíṣọ̀n ni kí n máa wá fíìmù àtijọ́ jáde, kí n gé e, kí n lẹ̀ ẹ́, kí ọ̀gá mi lè fi ṣètò. Ìyá mi a máa fi mí ṣe yẹ̀yẹ́ pé àwọn òkú ni mò ń bá ṣiṣẹ́. Àfi ìgbà tí mo rí bàbá àgbà mi, bàbá tó bí bàbá mi, nínú ọ̀kan. Òyìnbó kan ló yà á ní Ìsẹ́yìn lẹ́yìn ọdún 1910, kí ogun àgbáyé àkọ́kọ́ tó bẹ̀rẹ̀. Ọ̀dọ́mọkùnrin ni bàbá nígbà náà, ó ń wun òfì níwájú ilé wa. Fíìmù náà ò gùn rárá. Bó bá ti fẹ́ gbójú sókè báyìí, ó tán. Ọ̀gá ní kí n so orí rẹ̀ mọ́ ìdí kó lè máa yí lọ láìdúró, ká lọ fi han ìyá mi, kí òun sì fi kámẹ́rà ya ojú rẹ̀ bó bá ti ń wò ó.

A ti fèrèsé pálọ̀, a tan ẹ̀rọ, àwòrán bọ́ sára ògiri.

"Yéè! Bàbá ọkọ mi rè é!"

Kí n tó mọ̀, ìyá mi ti kúnlẹ̀, ìyá tí orúnkún ń dà láàmú, tí à ń dì mú kó tó lè jókòó.

Ọ̀rọ̀ wà láàárín wọn. Nígbà tó jẹ́ ìyàwó tuntun, ó bá bàbá fa ọ̀rọ̀, ó fìbínú kó lọ sílé bàbá tirẹ̀ ní Ṣakí. Kó tó padà, wọ́n ti sin bàbá. Kò tíì yéé dùn ún.

"Ẹ jọ̀ọ́, bàbá mi, ẹ foríjì mí."

Nílé wa, ìyàwó tó bá kúnlẹ̀ bẹ bàbá ọkọ kò gbọdọ̀ dìde àfi tí bàbá bá ní kó dìde. Bàbá ń wun aṣọ tiẹ̀ lọ. Ó fẹ́ gbójú sókè; fíìmù tún bẹ̀rẹ̀.

"Wọ́n fẹ́ wò mí, ṣé ẹ ò rí i?"

Mo nawọ́ sí ẹ̀rọ.

"Má pa á o!" ni ọ̀gá wí. "Èyí gan-an là ń wá!"

Orí mi gbóná. Ojú ò tiẹ̀ tì í! Ṣùgbọ́n bí mo bá pa á, bàbá tún kú mọ́ ìyá mi lójú nìyẹn. Bí mi ò bá pa á, orúnkún rẹ̀ ńkọ́? Mi ò ríbi yà sí. Fíìmù ń yí, ó tún ń yí.

Nígbà tí mo rí i tí ẹsẹ̀ rẹ̀ ń gbọ̀n, mo kó sáàárín ẹ̀rọ àti ògiri. Àwòrán bàbá bọ́ sí mi láyà. Mo na ọwọ́ méjèèjì sí i.

"Ìyá mi, ẹ dìde. Wọ́n ti foríjì yín."

Ó fọwọ́ tì mí sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan.

"Kúrò níbẹ̀, ọmọ mi. O ò jẹ́ kí n rí wọn."